Ahọ́n Ọmọ Adẹ́mu

Ẹ jẹ́ kí n jókòó dáadáa kí n tó bẹ̀rẹ̀. Mo mọ̀ pé ẹ máa rẹ́rìn-ín. Ìyàwó mi ti rín tirẹ̀ títí ó fi fọwọ́ di ìhà mú. Àbúrò mi ní kí n tún un sọ lórí fóònù, kí àwọn ọmọ òun náà lè gbọ́. Èmi nìkan ni n kò tíì lè rín in tẹ́rùn, torí nígbàkígbà tí mo bá rí lẹ́mọ́ọ̀nù, àyà mi ṣì máa ń já.

Bàbá tó bí bàbá mi, adẹ́mu ni wọ́n, lábúlé kan lẹ́yìn Òkìtìpupa. Igbà ni wọ́n fi tọ́ ọmọ mẹ́sàn-án. Tá a bá ti gba ọlidé ní Èkó, ọ̀dọ̀ wọn ni wọ́n máa ń kó wa lọ, ibẹ̀ sì ni ahọ́n mi ti joyè. Kí n tó pé ọmọ ọdún mẹ́wàá, mo ti mọ ẹmu yàtọ̀ sí ògùrọ̀. Ẹ̀yin ará ìgboro tí ẹ ń pe gbogbo nǹkan funfun tó bá ń hó ní ẹmu, ẹ gbọ́: ara ọ̀pẹ ni wọ́n ti ń dá ẹmu, ògùrọ̀, igi tirẹ̀ lọ́tọ̀ ni, inú àbàtà ló ń gbé. Mo mọ ti àárọ̀ yàtọ̀ sí ti ìrọ̀lẹ́. Mo mọ èyí tí wọ́n ti bu omi là. Àwọn àgbà á na igbá sí mi, wọn á ní, "Tọ́ ọ wò, ọmọ adẹ́mu." Màá tọ́ ọ wò, màá dájọ́, wọn á sì pàtẹ́wọ́ fún mi. Àtẹ́wọ́ yẹn ló bà mí jẹ́.

Nígbà tí mo dé Lọ́ńdọ̀nù, tí mo rí i pé àwọn èèyàn wà tó jẹ́ pé iṣẹ́ wọn ni kí wọ́n máa tọ́ ọtí wáìnì wò, kí wọ́n tu ú sílẹ̀, kí wọ́n sì gbowó, mo bú sẹ́rìn-ín. Ṣé èyí náà ni? Ṣé ohun tí mo ti ń ṣe lọ́fẹ̀ẹ́ lábẹ́ igi láti kékeré ni wọ́n ń sanwó fún? Akọ̀wé ìṣirò owó ni mí. Láti ọjọ́ náà, owó ẹlòmíràn tí mò ń ṣírò bẹ̀rẹ̀ sí í sú mi.

Mo gba kíláàsì lọ. Wine & Spirit Education Trust ni orúkọ àwọn tó ni ìwé ẹ̀rí náà, wọ́n ti wà láti 1969, onípele sì ni ẹ̀kọ́ wọn. Ìpele kejì ni mo ti bẹ̀rẹ̀, mo ní ti àkọ́kọ́ á kéré jù fún ọmọ adẹ́mu. Ìdánwò rẹ̀ dé: ìbéèrè 50, wákàtí kan, tó o bá ti gba ìdá 55 nínú ọgọ́rùn-ún, o ti yege. Ẹ gbọ́ eléyìí dáadáa o. Ìdánwò ọtí ni, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó gbé ọtí síwájú wa. Bébà àti bírò ni. Mo yege láìfi ẹnu kan ẹ̀kán kan, mo wá gbà pé ahọ́n mi ni wọ́n fún ní ìwé ẹ̀rí. Wọ́n fún mi ní báàjì kékeré kan mọ́ ọn. Mo fi báàjì náà sára agbádá lọ síbi ìkómọ ní Peckham. Wọ́n gbé Malta fún mi nínú kọ́ọ̀bù ike. Mo yí i po. Mo gbóòórùn rẹ̀. Mo wojú àwọn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi bóyá wọ́n rí mi.

Nínú kíláàsì, òótọ́ ni pé mo gbìyànjú. Wọ́n máa ń ní kí a sọ ohun tí òórùn ọtí jọ, kí a sọ irú èso tó wà níbẹ̀. Olùkọ́ á ní Sauvignon Blanc ń rùn bíi gooseberry. Gooseberry? Láyé mi n kò tíì fojú kan èso tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ìyeyè ni mo kọ sílẹ̀, ìyeyè tí kò tíì pọ́n tán. Wọ́n ní inú èèpo àjàrà pupa ni tannin wà, òun ló máa ń fa ẹnu pọ̀. Mo ní ẹ dákẹ́, àgbálùmọ̀ ọ̀sán gangan nìyẹn. Wọ́n wá ní Riesling tó bá ti pẹ́ nínú ìgò máa ń rùn bí epo bẹntiróòlù, àwọn òyìnbó inú kíláàsì wá ń fimú wá a káàkiri ife. Èmi kò wá a. Ẹni tó ti fi odidi ọjọ́ to ìlà epo rí ní Èkó, ṣé irú òórùn bẹ́ẹ̀ á ṣì í mọ̀? Mo pè é lẹ́ẹ̀kan. Olùkọ́ yìn mí. Mo ti débẹ̀ nìyẹn.

Ohun tó wá da epo síná ni fíìmù kan, *Blind Ambition*, tó jáde ní 2021. Ọmọ Zimbabwe mẹ́rin tí ìyà lé kúrò nílé, tí wọ́n lọ ṣiṣẹ́ ní Gúúsù Áfíríkà, ni wọ́n dìde, wọ́n di agbọ́tí, wọ́n sì lọ bá gbogbo ayé figagbága ní Burgundy ní ilẹ̀ Faransé ní 2017. Oríṣi ọtí méjìlá. Wọn á ti di àwọn ìgò náà lójú bí ọmọ tó ń ṣe bojúbojú, ìwọ á wá sọ irú àjàrà tó jẹ́, orílẹ̀-èdè tó ti wá, ọdún tí wọ́n kórè rẹ̀. Wọn kò gba ipò kìn-ín-ní, ṣùgbọ́n mo sunkún nídìí fíìmù náà. Ẹ̀rín ìyàwó mi bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀. Mo ní, "Àwọn yìí tiẹ̀ ní bàbá àgbà tó ń dẹ́mu bí?"

Mo wá ń kà nípa àwọn tó ti dé òkè pátápátá. Ìdánwò Master of Wine àkọ́kọ́, ní 1953, èèyàn 21 ló jókòó fún un, 6 ló yege. Ti Master Sommelier, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1969, àwọn tó ti yege ní gbogbo àgbáyé láti ìgbà náà kò tó 300. Ẹni tó lórí nínú á bẹ̀rù. Èmi bẹ̀rẹ̀ sí í ṣírò irú àga tí màá gbé sí ọ́fíìsì.

Nígbà tí ẹgbẹ́ kékeré kan ní gúúsù Lọ́ńdọ̀nù wá kéde ìdíje, ẹni méjì-méjì, ọtí mẹ́fà, lókè ilé ọtí kan, mo forúkọ sílẹ̀ lọ́jọ́ náà gan-an. Mo fa arábìnrin ọmọ Ìjẹ̀bú kan wọ̀ ọ́, nọ́ọ̀sì ni, a jọ wà ní kíláàsì ni. Onísùúrù èèyàn. Ó máa ń kọ gbogbo nǹkan sínú ìwé kékeré kan. Ó bi mí pé, "Bọ̀dá, ṣé kí a máa pàdé láti fi dánra wò?" Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní kó fọkàn balẹ̀, pé iṣẹ́ ìdílé ni.

Alẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú ìdíje ni mo pe àbúrò bàbá mi lábúlé lórí Wọ́ọ̀sáàpù, mo ní kí wọ́n gbàdúrà fún mi. Èmi ni mo pe ìṣòro sílé ara mi.

"Àkànní, ọtí lo fẹ́ lọ tọ́ wò?" ni wọ́n wí. "Ó dáa. Bàbá wa ńkọ́? Ẹ̀mí wọn á bá ọ lọ. Ṣé o rántí agbáyun tó wà lẹ́yìn ilé ìdáná? Bàbá wa kì í fi agbáyun ṣeré nídìí ẹmu. Agbáyun ni wọ́n á kọ́kọ́ mú, kí ẹnikẹ́ni tó fẹnu kan ẹmu, torí tí…"

"Mo ti gbọ́, mà!" ni mo wí. "Ẹ ṣeun, mà! Ọlọ́run á jẹ́ kí ẹ pẹ́ fún wa!" Mo gé fóònù.

Ẹ̀yin tí ẹ ti jẹ agbáyun rí, mo rí yín. Ẹ ti ń fọwọ́ bo ẹnu. Ẹ ní sùúrù.

Mo rántí agbáyun lóòótọ́, èso pupa kékeré, kò ju ìka lọ. Mo jẹ ẹ́ nígbà kan lọ́mọdé, n kò rí adùn kankan nínú rẹ̀ tó ṣe bí ẹní ṣe. Ohun tí mo gbọ́ nípa rẹ̀ ni pé ó máa ń mú ẹnu dùn. Mo wá rò ó lọ́gbọ́n orí mi pé ẹnu dídùn àti ahọ́n mímú, ọmọ ìyá ni wọ́n. Àṣírí bàbá àgbà ti tú sí mi lọ́wọ́. Níbo ni mo ti máa rí agbáyun ní Lọ́ńdọ̀nù lóru? Íntánẹ́ẹ̀tì. Wọ́n ti fi ẹ̀rọ gbẹ ẹ́, wọ́n ti lọ̀ ọ́, wọ́n ti sọ ọ́ di hóró bíi Panadol. Pọ́n-ùn 18. Wọ́n ní àwọn á gbé e dé kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó ṣú. Ó dé lóòótọ́. Ara páálí ni wọ́n kọ ọ́ sí pé hóró kan ti tó. Mo lá mẹ́ta. Mo jẹ́ kó yọ́ díẹ̀díẹ̀ lórí ahọ́n nínú bọ́ọ̀sì, mo dijú, mo kí bàbá àgbà nínú ọkàn mi.

Yàrá náà kún. Tábìlì funfun, ife tó ń dán, garawa kékeré kan lórí tábìlì kọ̀ọ̀kan fún àwọn tó bá fẹ́ tutọ́. Mo ti garawa tiwa sápá kan. Ta ló ń tu ẹmu dànù? Ìgò mẹ́fà ló wà níwájú, wọ́n ti fi aṣọ dúdú wé wọn dé ọrùn. Wọ́n bu ti àkọ́kọ́.

Ó funfun bí omi. Mo gbóòórùn rẹ̀: díẹ̀ bí òkun, díẹ̀ bí èèpo ọsàn. Ọmọ Ìjẹ̀bú ti ń kọ̀wé. Mo gbé e sẹ́nu.

Yéè! Oyin ni! Oyin ìgàn pọ́nńbélé! Adùn náà bo gbogbo ẹnu mi, ó gba èrìgì, ó sọ̀ kalẹ̀ lọ́nà ọ̀fun bí omi ìrèké. Ara mi bù máṣọ. Mo yíjú sí i, mo sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́: "Sauternes."

"Bọ̀dá, kíkan ló kan lẹ́nu tèmi. Ó jọ Muscadet."

"Kíkan kẹ̀?"

"Àwọ̀ rẹ̀ náà kò pọ́n. Sauternes kì í pọ́n bíi wúrà ni?"

"Ọmọdé ni. Kò tíì dàgbà."

"Imú mi kò gbọ́ oyin rárá."

Mo wò ó bí àgbà ṣe ń wo ọmọdé tó fẹ́ kọ́ ọ ní bí wọ́n ṣe ń jẹ iyán. "Ahọ́n ọmọ adẹ́mu kì í parọ́," ni mo wí. Mo gba bírò lọ́wọ́ rẹ̀.

Wọ́n bu ìkejì. Òórùn rẹ̀ bí epo bẹntiróòlù, òórùn tí mo mọ̀ bí ẹni mọ orúkọ ara rẹ̀. Imú mi pariwo pé Riesling, Riesling gbígbẹ táútáú. Mo mu ún. Oyin. Mo bá imú mi wí. Mo kọ Tokaji ti Hungary. Ìkẹta: òórùn ìyeyè, ìyeyè tí mo fi ọwọ́ ara mi kọ ní kíláàsì! Mo mu ún. Omi ṣúgà. Moscato. Ọmọ Ìjẹ̀bú káwọ́ lérí.

Àwọn pupa dé. Ìkẹrin. Ó dùn. Port ni mo kọ.

Ìkarùn-ún. Ó tún dùn. Port.

"Bọ̀dá, Port máa ń jó ọ̀fun. Eléyìí kò jóni."

"Port kékeré ni."

"Port kékeré wà?"

Ìkẹfà. Ẹ̀rù ti ń bà mí wàyí. Mo gbóòórùn, mo mu ún, mo gbé e mì, bí mo ti gbé gbogbo àwọn tó kù mì. Port. Ṣé ẹ rí i, orí mi ti ń yí díẹ̀, àyà mi ń lù, ohùn kan nínú mi sì ń sọ pé kò sí ẹgbẹ́ kankan láyé tó máa bu Port mẹ́ta tẹ̀ léra wọn nínú ìdíje kan. Ṣùgbọ́n ohùn kejì ń rántí àtẹ́wọ́ abẹ́ igi. Èyí kejì ni mo gbọ́.

Ìyà kò tíì tó. Àṣà ẹgbẹ́ náà ni pé ikọ̀ kọ̀ọ̀kan á dìde sọ̀rọ̀ lórí ọtí kan. Wọ́n ṣẹ́ gègé. Ti àkọ́kọ́ bọ́ sí wa lọ́wọ́. Ọmọ Ìjẹ̀bú fà mí ní apá aṣọ. Mo já apá mi gbà. Mo dìde.

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ náà! Mo mú wọn lọ sí gúúsù Bordeaux. Mo ṣàlàyé odò Ciron, bí omi rẹ̀ ṣe tutù, bó ṣe ń pàdé Garonne tó lọ́ wọ́ọ́rọ́, bí kùrukùru ṣe máa ń dìde láàárín wọn láàárọ̀ nígbà ìkórè. Mo ní kùrukùru náà ló ń pe èbu *Botrytis* wá, èbu tó máa ń fa omi inú àjàrà gbẹ títí yóò fi rún jégéjégé, kó ṣẹ́ ku ṣúgà. Mo dárúkọ Château d'Yquem bí ẹni pé àwọn ará ibẹ̀ ló kó wa wá sáyé. Gbogbo ohun tí mo sọ, òótọ́ ni. Ó kàn jẹ́ pé kò kan ọtí tó wà nínú ife.

Ọkùnrin tó ń darí ìdíje fara balẹ̀ tú aṣọ kúrò lára ìgò. Muscadet. Láti ẹnu odò Loire, létí òkun Atlantic. Ọtí tí àwọn Faransé máa ń fi sin ìṣáwùrú òkun lọ́fun, torí pé ó gbẹ, ó kan, kò ní ṣúgà tó lè fa èèrà kan mọ́ra. Yàrá dákẹ́ lọ́ọ́lọ́ọ́. Lẹ́yìn náà ni bàbá òyìnbó arúgbó kan bẹ̀rẹ̀ sí í pàtẹ́wọ́, ó rò pé mo dìídì ń dápàárá ni. Àwọn yòókù bá a pa á. Wọ́n rín, wọ́n rín, omijé ń bọ́ lójú wọn. Mo tẹrí ba fún wọn. Kí ni kí n ṣe?

Mo jókòó, mo gbá kọ́ọ̀bù omi mú. Ègé lẹ́mọ́ọ̀nù kan ń léfòó nínú rẹ̀. N kò mọ ohun tó mú mi gé e jẹ, bóyá ìtìjú ni. Mo gé e jẹ, mo dúró kí ojú mi fún pọ̀.

Kò fún pọ̀. Lẹ́mọ́ọ̀nù dùn bí ọsàn Àgége. Mo jẹ ẹran rẹ̀, mo jẹ èèpo. Mo mú tinú kọ́ọ̀bù ọmọ Ìjẹ̀bú, mo jẹ ìyẹn náà. Ó ń wò mí bí nọ́ọ̀sì ṣe ń wo aláìsàn. Níbẹ̀ ló ti wá yé mi. Mo yọ páálí pọ́n-ùn 18 jáde lápò, mo wá ka ohun tó yẹ kí n ti kà. Nǹkan kan wà nínú agbáyun tí wọ́n ń pè ní miraculin. Ṣe ló máa ń lẹ̀ mọ́ ahọ́n, kò níí ṣe nǹkan kan títí ohun kíkan á fi dé. Bí kíkan bá ti dé, ó di dídùn, ó sì lè wà bẹ́ẹ̀ fún wákàtí kan tàbí jù bẹ́ẹ̀. Bí ọtí bá ṣe kan tó ni yóò ṣe dùn tó. Muscadet tó kan jù lọ ni mo sì pè ní ọba oyin. Kì í tún ṣe nǹkan àṣírí: láti 1725 ni ará Faransé kan, des Marchais, ti rí àwọn èèyàn wa ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà tí wọ́n ń jẹ ẹ́. Ọ̀ọ́dúnrún ọdún ni gbogbo ayé ti fi mọ̀. Ó ku ọmọ adẹ́mu.

Nínú máàkì 60, a gba 4. Mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ti ọmọ Ìjẹ̀bú ni. Ó ti dọ́gbọ́n kọ Riesling sẹ́gbẹ̀ẹ́ Tokaji mi nígbà tí mò ń wo òkè àjà.

Nínú bọ́ọ̀sì, mo fẹ́ tu ara mi nínú. Mo sọ fún un nípa ọjọ́ 24 oṣù karùn-ún, 1976, nígbà tí Steven Spurrier, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tó ń ta wáìnì ní Paris, kó àwọn ọ̀gá ọ̀gá nínú àwọn olùtọ́wò Faransé jọ, tó bu ọtí Faransé àti ti Kalifọ́níà fún wọn láìjẹ́ kí wọ́n rí ìgò. Ti Amẹ́ríkà ló borí, ní funfun, ní pupa. Ọ̀kan nínú àwọn adájọ́ tọ́ funfun Napa wò, ó mí kanlẹ̀, ó ní a ti padà dé ilẹ̀ Faransé. Òmíràn ní kí wọ́n dá bébà máàkì òun padà. Mo ní, "Ṣé o rí i? Àwọn ọ̀gá náà máa ń ṣì í."

Ó ronú díẹ̀. "Bọ̀dá, àwọn yẹn pe Amẹ́ríkà ní Faransé. Ẹ̀yin pe kíkan ní dídùn. Ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi mọ ìyẹn." Ó wá rọra fi kún un pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi báàjì yẹn sára bọ̀ ní kíláàsì."

Bí mo ti délé, mo pe àbúrò bàbá mi. Mo rojọ́ fún wọn tẹkún-tẹkún. Wọ́n kọ́kọ́ dákẹ́. Mo rò pé nẹ́tíwọọ̀kì ti lọ.

"Àkànní," ni wọ́n wí nígbẹ̀yìn, "ṣé o jẹ́ kí n parí ọ̀rọ̀ ni? Ta ló sọ fún ọ pé bàbá wa ló ń jẹ agbáyun? Àwọn oníbàárà ni! Tí ẹmu àná bá ṣẹ́ kù, tó ti kan bí ọtí kíkan, bàbá wa á kọ́kọ́ gbé agbáyun fún wọn nínú abọ́, á ní kí wọ́n fi panu kí ẹmu tó dé. Wọ́n á mu ún, wọ́n á máa pàtẹ́wọ́, wọ́n á ní kò sí adẹ́mu bíi tirẹ̀ ní gbogbo agbègbè." Wọ́n rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbé wọn. "Ìwọ náà ti jẹ nínú abọ́ yẹn rí, ṣáájú kí wọ́n tó ní kó o tọ́ ọ wò. Ṣé o ti gbàgbé?"

N kò lè dáhùn.

"Èló lo tiẹ̀ ra agbáyun ọ̀hún?"

Mo sọ fún wọn. Mo gbọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ di náírà lábẹ́lẹ̀, ẹgbẹ̀rún lórí ẹgbẹ̀rún, lẹ́yìn náà ni mo gbọ́ igbe.

"Igi rẹ̀ mà ṣì wà lẹ́yìn ilé ìdáná o, Àkànní! Ewúrẹ́ ló ń jẹ ẹ́!"